Ìyá aláró tó ń sọ̀rọ̀ bíi rédíò: bí ẹ̀dá-ìtàn inú VR ṣe lè mọ̀ pé àlejò wà níwájú òun

Ìbéèrè

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Èmi àti ọ̀rẹ́ mi méjì ń ṣe ìrírí VR kan, ìyẹn ayé inú kọ̀ǹpútà tó máa ń dà bí ẹni pé èèyàn wà nínú rẹ̀, fún awò ojú Meta Quest 3. Unity, ohun èlò tí wọ́n fi ń ṣe géèmù, la sì fi ń ṣe é. Àlejò á wọ àgbàlá kan ní Ìtòkú, l'Abẹ́òkúta, á bá ìyá àgbà kan nídìí ìkòkò aró, ìyá náà á sì kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń ṣe àdìrẹ. Gbólóhùn 60 la ti gbà sílẹ̀ lẹ́nu òṣèré wa. Ṣùgbọ́n gbogbo ẹni tó dán an wò ló ń sọ ohun kan náà: wọ́n ní bíi rédíò ni ìyá náà ń ṣe, ó kàn ń sọ̀rọ̀ lọ, kò mọ̀ pé èèyàn wà níwájú òun. Ṣé ká fi AI sí i kó lè máa dáhùn ohunkóhun tí wọ́n bá bi í ni, àbí ká gba gbólóhùn púpọ̀ sí i?"

Ìdáhùn

Àbúrò mi, ẹ kú iṣẹ́, ẹ̀yin mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Ẹ má tíì gba gbólóhùn kankan kún un, ẹ má sì tíì fi AI kankan sí i. Gbólóhùn 60 ti tó láti fi bẹ̀rẹ̀. Ojú ni ìyá yín kò ní. Kò mọ ibi tí àlejò dúró sí, kò mọ ohun tó wà lọ́wọ́ rẹ̀, kò mọ̀ bóyá ó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ni tàbí ó ti ń lọ. Kí o tó kọ ọ̀rọ̀ tí yóò sọ, kọ ohun tí yóò rí. Mú bébà, kó o sì kọ gbogbo ohun tí àgbàlagbà tó jókòó sídìí iṣẹ́ rẹ̀ máa ń kíyè sí lára ẹni tó bá wọlé tọ̀ ọ́. Bébà yẹn ni iṣẹ́ gan-an. Gbólóhùn á tẹ̀lé e.

Ohun tó dùn mọ́ mi nínú VR ni pé gbogbo ohun tó yẹ kí ìyá rí ló ti wà nínú headset, ìyẹn awò tí àlejò gbé sójú. Ní gbogbo ìgbà ni Quest ń sọ fún kóòdù yín ibi tí orí àlejò wà, ibi tó kọjú sí, bí orí náà ṣe ga sílẹ̀ tó, ibi tí ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì wà. Ẹ̀yin náà lẹ sì gbé aṣọ, okùn àti ìkòkò síbẹ̀, nítorí náà ẹ mọ ohun tó dì mú. Ohun kan ṣoṣo tí Quest 3 kò lè sọ ni ibi tí ẹyinjú ń wò gan-an, torí pé kò ní ohun tó ń tẹ̀lé ẹyinjú bíi ti Quest Pro tó jáde ní 2022 tàbí PlayStation VR2 ti 2023. Ìyẹn ò ní kó o sọ̀rètí nù. Ibi tí orí bá kọjú sí ni ojú sábà máa ń wà, bí o bá ti fún un láyè díẹ̀. Mo máa ń fi ìwọ̀n igun 15 sí 20 sílẹ̀ lápá ọ̀tún àti lápá òsì, mo sì máa ń dúró kí orí má yẹ̀ fún bí ìṣẹ́jú-àáyá kan kí n tó gbà pé nǹkan náà ni ó ń wò. Bí o kò bá dúró bẹ́ẹ̀, gbogbo ìgbà tí àlejò bá yíjú kọjá lórí ìkòkò ni ìyá á máa ké pé "Ìkòkò aró nìyẹn," ìyẹn sì burú ju kó dákẹ́ lọ.

Bí àlejò ṣe jìnnà tó náà ṣe pàtàkì. Edward T. Hall, onímọ̀ nípa àṣà ọmọ ènìyàn ní Amẹ́ríkà, kọ ọ́ ní 1966 pé láti ara èèyàn dé nǹkan bí 45 sẹ̀ǹtímítà ni àyè àwọn tó sún mọ́ ọn tímọ́tímọ́, láti ibẹ̀ dé mítà 1.2 ni ti ọ̀rẹ́ àti ojúlùmọ̀, láti ibẹ̀ dé nǹkan bí mítà 3.6 sì ni ti ẹni tí a ò mọ̀ dáadáa. Ará Amẹ́ríkà ni ó wò o, ọjà Ìtòkú ò sì láyè tó bẹ́ẹ̀, ẹ fi ojú ara yín wọn tiyín. Àmọ́ ẹ mú èrò náà lò: ẹni tó ṣì dúró lẹ́nu ọ̀nà, ẹni tó ti dé ẹ̀gbẹ́ ìkòkò, àti ẹni tó gbé ojú ti ìyá lójú, ìyá ò gbọ́dọ̀ bá wọn sọ̀rọ̀ bákan náà.

Ibi tí mo fẹ́ kó o fara balẹ̀ sí jù lọ rèé. Ọmọ Yorùbá tó bá bá ìyá àgbà nínú àgbàlá, á kí i. Mo ti rí i lójú mi ju ẹ̀ẹ̀kan lọ: èèyàn á wọ headset, á gbàgbé pé yàrá òfìfo lòun wà, á kúnlẹ̀. Bí ìyá bá ń bá àlàyé ẹlú rẹ̀ lọ nígbà yẹn, iṣẹ́ yín ti bàjẹ́ lójú ẹni náà, kò sì sí ohun tí ẹ máa ṣe lẹ́yìn ìyẹn tó máa mú kó gbà pé èèyàn ni ìyá náà. Bẹ́ẹ̀ headset rí i! Nígbà tí àlejò bá kọ́kọ́ wọlé, kọ gíga orí rẹ̀ sílẹ̀. Bí orí náà bá wálẹ̀ ní nǹkan bí 40 sẹ̀ǹtímítà tó sì dúró níbẹ̀ díẹ̀, ó ti kúnlẹ̀ tàbí ó ti bẹ̀rẹ̀. Bí ó bá fẹ́rẹ̀ẹ́ kan ilẹ̀, ó dọ̀bálẹ̀ ni. Báwo ni ìyá ṣe máa mọ̀ bóyá ìkíni ni, àbí ó kàn bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ kó lè wo inú ìkòkò? Ibi tó kọjú sí ni á fi mọ̀. Bó bá kọjú sí ìyá, tí ọwọ́ rẹ̀ ṣófo, tí kò sì tíì pẹ́ tó wọlé, ìkíni ni. Bó bá kọjú sí ìkòkò, ó ń wo aró. Fún ti àkọ́kọ́, ìyá á gbé ọwọ́ kúrò lẹ́nu iṣẹ́, á ní, "Pẹ̀lẹ́, ọmọ mi. Dìde, dìde." Nígbà tí orí bá padà sókè: "Ilé ńkọ́?" Gbólóhùn méjì péré, mo sì lè fi ọwọ́ sọ̀yà pé òun ni àwọn èèyàn á máa sọ fún ara wọn tí wọ́n bá bọ́ headset.

Ṣùgbọ́n má jẹ́ kí ìyá bínú sí ẹni tí kò kúnlẹ̀. Ẹni tó jókòó sórí àga lò ó, ẹni tó wà lórí kẹ̀kẹ́ aláìlèrìn, ẹni tí orúnkún ń dùn, àjèjì tí kò mọ àṣà wa, gbogbo wọn ni àlejò ìyá. Bí ìṣẹ́jú-àáyá mélòó kan bá kọjá tí kò sí ìkíni, kí ìyá fúnra rẹ̀ kọ́kọ́ kí wọn. Ìyá gidi á ṣe bẹ́ẹ̀.

Láti ibẹ̀, o máa rí i pé èdè wa ti ṣe ìdajì iṣẹ́ náà fún ọ. Bí àlejò bá so kókó okùn púpọ̀ sára aṣọ, "O kú iṣẹ́." Bó bá dúró de aṣọ tó ń gbẹ, "O kú ìdúró." Bó bá rìn lọ sẹ́yìn ilé tó sì padà dé, "Káàbọ̀." Bí aró bá ta sí i lára, "Pẹ̀lẹ́ o." Ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn ò ju ọ̀rọ̀ kan sí mẹ́ta lọ, ọ̀kọ̀ọ̀kan sì ń sọ fún àlejò pé wọ́n rí ohun tó ṣe. Ẹni tó ń ṣe irú iṣẹ́ yìí ní èdè Gẹ̀ẹ́sì gbọ́dọ̀ jókòó ronú ohun tí ẹ̀dá-ìtàn rẹ̀ máa sọ sí ẹni tó kàn dúró. Ìwọ ti ní i lẹ́nu.

Ọ̀rọ̀ "ẹ" àti "o" wá ńkọ́? Ìyá ò mọ ọjọ́ orí ẹni tó wọ headset. Ohun tí màá ṣe ni pé kí ìyá máa lo "ẹ" fún gbogbo ẹni tó bá wọlé, bí àgbàlagbà ṣe máa ń ṣe fún ẹni tí kò tíì mọ̀. Bí ẹni náà bá kúnlẹ̀ tàbí tó dọ̀bálẹ̀ kí i, ó di ọmọ. Láti ìgbà yẹn lọ, "o" ni. Ẹni tí kò kúnlẹ̀, bóyá bàbá ẹni 60 ọdún ni, á gba "ẹ" rẹ̀ títí dé òpin, kò sì ní sí ẹni tí ìyá fojú di. Ìyípadà yẹn fúnra rẹ̀ jẹ́ èsì, kódà bí àlejò ò bá mọ ohun tó yí padà. Ohun tó máa ná yín ni pé gbogbo gbólóhùn tó ní "o," "rẹ" tàbí "ọ" nínú lẹ máa gbà lẹ́ẹ̀mejì. Kí ìnáwó náà má bàa pọ̀, ẹ kọ púpọ̀ nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀ lọ́nà tí kò fi ní nílò rẹ̀: "Háà! Ọwọ́!" "Ó ti tó yọ." "Aró ẹlú kì í fẹ́ ìkánjú." Kò sí ẹni tí irú ìyẹn ò bá mu.

Ká wá sí bí ìyá ṣe máa mọ èyí tó máa sọ nínú gbogbo wọn. Má ṣe to àṣẹ "bí báyìí bá ṣẹlẹ̀, sọ báyìí" lé ara wọn lórí nínú kóòdù. Kó tó pé ọ̀sẹ̀ méjì, kò ní sí ẹni tó lè ka kóòdù náà mọ́ láàárín yín. Ilé-iṣẹ́ Valve ní Amẹ́ríkà ti yanjú èyí fún géèmù wọn Left 4 Dead tó jáde ní 2008, Elan Ruskin láti ilé-iṣẹ́ náà sì dúró ṣàlàyé ọ̀nà náà ní Game Developers Conference, ìpàdé àwọn tó ń ṣe géèmù, ti 2012. Gbogbo ohun tí ẹ̀dá-ìtàn mọ̀ lọ́wọ́lọ́wọ́ wà nínú àkọsílẹ̀ kan: ta ló wà níwájú, kí ló dì mú, ibo ló wà, kí ló ti ṣe sẹ́yìn, ìgbà mélòó. Gbólóhùn kọ̀ọ̀kan ní àwọn nǹkan tó gbọ́dọ̀ jẹ́ òótọ́ kí a tó lè sọ ọ́. Nígbà tí nǹkan kan bá ṣẹlẹ̀, kóòdù á wo gbogbo gbólóhùn tí ohun tí wọ́n béèrè pé, á sì mú èyí tó béèrè nǹkan púpọ̀ jù. Bí méjì bá dọ́gba, á ṣà ọ̀kan.

Wò ó bó ṣe ń ṣiṣẹ́. Àlejò ki ọwọ́ bọ ìkòkò aró. Gbólóhùn kan wà tí kò béèrè ju pé ọwọ́ wọ ìkòkò lọ: "Háà! Ọwọ́ á ti dúdú báyìí." Òmíràn béèrè pé ọwọ́ wọ ìkòkò, ó sì ti ṣe é rí: "Ìwọ àti ìkòkò yìí ṣá!" Òmíràn béèrè pé ọwọ́ wọ ìkòkò, aṣọ wà lọ́wọ́ náà, wọn ò sì tíì fi okùn so ó: "Dúró ná. A ò tíì so ó, ibo ni funfun máa gbé jókòó?" Òmíràn tún béèrè pé aṣọ náà ti di síso, àlejò sì ti kí ìyá dáadáa nígbà tó wọlé: "Ọmọ tó mọ ilé. Tẹ̀ ẹ́ rì, jẹ́ kó mu." Ẹni kẹrin yìí á gbà pé ìyá mọ òun, bẹ́ẹ̀ kò sí ohun tó wà níbẹ̀ ju àkọsílẹ̀ tí wọ́n wò láti òkè dé ìsàlẹ̀ lọ. Ẹ sì lè kọ gbogbo rẹ̀ sínú tábìlì lásán, ìlà kọ̀ọ̀kan fún gbólóhùn kọ̀ọ̀kan, kí ẹni tó ń kọ ìtàn lè fi tuntun kún un láìfọwọ́ kan kóòdù.

Gbólóhùn lè kọ nǹkan sínú àkọsílẹ̀ náà padà pẹ̀lú. Bí aṣọ bá já bọ́ sílẹ̀ lọ́wọ́ àlejò ní ìbẹ̀rẹ̀, kí ìyá má sọ nǹkan kan ju "Pẹ̀lẹ́," ṣùgbọ́n kó kọ ọ́ sílẹ̀. Nígbà tí wọ́n bá tú okùn aṣọ tí wọ́n sì tẹ́ ẹ sínú oòrùn ní ìparí: "Èyí tó já bọ́ sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan rèé o. Ẹ wò ó." Ìrántí kékeré kan tó padà wá lẹ́yìn ìṣẹ́jú márùn-ún sàn ju gbólóhùn tuntun mẹ́wàá lọ. Òfin méjì péré ni mo fẹ́ fi kún èyí: gbólóhùn tí wọ́n bá ti sọ kò gbọ́dọ̀ padà wá títí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ á fi tán, ìyá sì gbọ́dọ̀ sinmi fún ìṣẹ́jú-àáyá mélòó kan láàárín èsì kan àti òmíràn. Àlejò máa ń ṣe nǹkan mẹ́ta lẹ́ẹ̀kan. Èèyàn kì í dáhùn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.

Àkókò ni ọ̀pọ̀ ti máa ń kùnà. Ní 2009, àwọn onímọ̀ tí Tanya Stivers jẹ́ aṣáájú wọn tẹ iṣẹ́ kan jáde lórí èdè 10 láti apá oríṣiríṣi ayé. Àlàfo tó wà láàárín òpin ìbéèrè ẹnì kan àti ìbẹ̀rẹ̀ ìdáhùn ẹnì kejì wà nítòsí 200 mìlísẹ́kọ́ńdì ní ìpíndọ́gba, ìyẹn ìdá kan nínú márùn-ún ìṣẹ́jú-àáyá. Bí aró bá ta sí àlejò lójú, tí ìyá wá ń ronú fún ìṣẹ́jú-àáyá kan kó tó ṣí ẹnu, ara àlejò ti mọ̀ pé ẹ̀rọ ni. Nítorí náà, ìdajì ohun tẹ́ ẹ máa gbà sílẹ̀ gbọ́dọ̀ jẹ́ àwọn ohùn kéékèèké tí kò ní gbólóhùn nínú: "Hẹ̀n?" "Háà!" "Yéè!" "Ẹ̀n-ẹ́n." "Ó tì o." Ẹ gba ọ̀kọ̀ọ̀kan lóríṣiríṣi ọ̀nà, kí wọ́n wà nínú ìrántí ẹ̀rọ kí àlejò tó wọlé rárá, kí kóòdù má ṣẹ̀ṣẹ̀ máa wá fáìlì. Nǹkan ṣẹlẹ̀: orí ìyá yí, ohùn kékeré jáde lójú ẹsẹ̀, gbólóhùn gidi wá tẹ̀ lé e nígbà tí kóòdù bá ti ṣà á tán. Orí gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ yí. Ohùn tó jáde lẹ́nu ẹni tí kò wo ọ̀dọ̀ rẹ ni rédíò tí wọ́n ń sọ fún yín yẹn.

Ibì kan sì wà tí mo fẹ́ kí ìyá dákẹ́ pátápátá. Aṣọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde nínú aró ẹlú kì í tíì ní àwọ̀ aró lára. Ó máa ń dà bí àwọ̀ ewé, afẹ́fẹ́ ló ń sọ ọ́ di búlúù díẹ̀díẹ̀ lójú ẹni tó gbé e dání. Mo mọ̀ pé ọwọ́ á máa yún yín láti fi àlàyé síbẹ̀. Ẹ má fi sí i. Ẹ jẹ́ kí àlejò gbé aṣọ rẹ̀ sókè, kó wò ó títí. Ohun tí ìyá ń dúró dè ni kí orí àlejò kúrò lára aṣọ, kó yí padà sọ́dọ̀ òun. Ìgbà yẹn ni kó wá ní, "Ẹ̀n-ẹ́n. Ṣé o rí i?" Bí àlejò ò bá yíjú sí i, kó máa bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ. Lẹ́yìn ìyẹn ni àlàyé afẹ́fẹ́ àti ẹlú lè wá, nígbà tí ẹni náà ti ń fẹ́ mọ̀ ọ́n.

Bí àlejò bá wá kúrò níbẹ̀ nígbà tí ìyá ṣì ń sọ̀rọ̀ ńkọ́? Ó máa ṣẹlẹ̀ nígbà gbogbo. Ẹ ṣàmì sí ibi tí gbólóhùn gígùn ti lè dúró, ní òpin ọ̀rọ̀ tó dá dúró, kí ìyá sọ ọ́ débẹ̀ kó sì dákẹ́. Ẹ gba irú "Ó dáa, lọ wò ó ná" sílẹ̀ fún ìgbà tó ń lọ, àti "Ibo la ti bá a dé? Ẹ̀n-ẹ́n..." fún ìgbà tó bá padà. Kí ìyá má bẹ̀rẹ̀ gbólóhùn láti ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀ bí ẹni tí nǹkan kan ò ṣẹlẹ̀ sí.

Nínú Unity fúnra rẹ̀, nǹkan díẹ̀ ló yẹ kó o yẹ̀ wò lónìí. Bó bá jẹ́ ara mọ́dẹ́ẹ̀lì ìyá náà lo so AudioSource, ohun tó ń gbé ohùn jáde, mọ́, àfàìmọ̀ kó má jẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ ni ohùn ti ń jáde, torí ibẹ̀ ni ojúkò mọ́dẹ́ẹ̀lì èèyàn sábà máa ń wà. So ó mọ́ egungun orí. Spatial Blend máa ń wà ní 0 bí o kò bá fọwọ́ kàn án, ìyẹn ni pé ohùn náà ò ní ibì kankan tó ti ń wá. Gbé e lọ sí 1. Kí fáìlì ohùn jẹ́ mono, ọ̀nà kan ṣoṣo tí kò pín sí ọ̀tún àti òsì. Ẹ lo Meta XR Audio tàbí Steam Audio, àwọn ohun èlò tó ń fún ohùn ní ibi tó ti ń wá, kí etí méjèèjì lè gbọ́ ìyàtọ̀ tó yẹ: èyí tó pọ̀ jù nínú ìyàtọ̀ àkókò láàárín etí ọ̀tún àti tòsì kò ju nǹkan bí 0.7 mìlísẹ́kọ́ńdì lọ, síbẹ̀ ọpọlọ ń fi í mọ ibi tí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ wà.

Doppler Level, tó ń yí gíga ohùn padà bí ohun tó ń dún àti ẹni tó ń gbọ́ ọ bá ń sún mọ́ra tàbí jìnnà síra, wà ní 1 látilẹ̀. Sọ ọ́ di 0 fún ìyá. Bí àlejò bá fi bọ́tìnnì fò láti ibì kan sí ibòmíràn, Doppler á gbé ohùn sókè, á tún fà á wálẹ̀ láàárín ọ̀rọ̀; ní èdè tiwa, ọ̀rọ̀ ti dàrú nìyẹn. Àwọn tó ń ṣe ìró géèmù tún máa ń yí gíga ohùn padà díẹ̀ ní gbogbo ìgbà tó bá dún, kó má bàa jọra. Ẹ ṣe é fún ìró omi àti ìró ẹsẹ̀. Bó bá kan gbogbo gbólóhùn lẹ́ẹ̀kan náà kò ní ba ìtumọ̀ jẹ́, ṣùgbọ́n ìyá kan á máa di ìyá mẹ́ta.

Èyí tó burú jù ni kí ẹ gé gbólóhùn sí wẹ́wẹ́ kí kóòdù máa tò ó pọ̀, "Mú," lẹ́yìn náà "aṣọ" tàbí "okùn" tàbí "ìyẹ́," lẹ́yìn náà "yẹn wá." Nínú gbólóhùn Yorùbá, bí ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀ bá ti ń gbara wọn lọ, gbogbo rẹ̀ ń wálẹ̀ díẹ̀díẹ̀; ohùn òkè tó wà ní ìparí kì í ga tó èyí tó wà ní ìbẹ̀rẹ̀. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n gbà lọ́tọ̀, tí wọ́n wá lẹ̀ mọ́ àárín, á yọrí jáde, etí ọmọ Yorùbá á sì gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹ gba "Mú aṣọ yẹn wá" ní odindi, ẹ gba "Mú okùn yẹn wá" ní odindi. Nípa ẹnu ìyá, ohun èlò Meta tó ń mú ètè tẹ̀lé ohùn ní ìrísí ẹnu 15. Ẹ sún mọ́ ọn kẹ́ ẹ wo bí ètè bá ń pàdé dáadáa níbi "p" àti "gb," torí àlejò á dúró súnmọ́ ọn tó láti rí i.

Nígbà tẹ́ ẹ bá padà sọ́dọ̀ òṣèré yín, ẹ má jẹ́ kó dá jókòó kàwé. Ẹ fi ẹnì kan síwájú rẹ̀ bí àlejò, kí ẹni náà ki ọwọ́ bọ báásìnì, kó sọ aṣọ nù, kó dìde kó máa lọ láìdágbére, kí òṣèré sì máa fèsì sí ohun tó rí. Ẹ gbà á ní 48 kHz, nínú yàrá tẹ́ ẹ ta aṣọ púpọ̀ sí kí ohùn má bàa dún padà, torí Unity ló máa fi ìró àgbàlá sí i. Fún ẹni tó wà lẹ́nu ọ̀nà, kí òṣèré pe èèyàn gidi tó dúró ní ìpẹ̀kun yàrá: "Ta nìyẹn o? Ẹ wọlé!" Ohùn jẹ́jẹ́ tí wọ́n fi ẹ̀rọ yí sókè kì í di ìpè láé. Bó bá sì jẹ́ pé Ẹ̀gbá ni òṣèré yín, ẹ jẹ́ kó sọ Ẹ̀gbá rẹ̀. Ìyá aláró Ìtòkú kì í sọ̀rọ̀ bí ẹni tó ń ka ìròyìn.

AI wá ńkọ́? Ẹ wo ohun tó gbọ́dọ̀ ṣẹlẹ̀: ẹ̀rọ á dúró kó lè dá a lójú pé àlejò ti sọ̀rọ̀ tán, á sọ ohùn di ọ̀rọ̀ kíkọ, á wá èsì, á sọ èsì náà di ohùn. Àpapọ̀ rẹ̀ máa ń kọjá ìṣẹ́jú-àáyá kan dáadáa, o sì ti mọ ohun tí 200 mìlísẹ́kọ́ńdì túmọ̀ sí. Ti èdè tún wà níbẹ̀. Whisper, ẹ̀rọ tó ń sọ ohùn di ọ̀rọ̀ kíkọ tí OpenAI gbé jáde ní 2022, ka Yorùbá mọ́ àwọn èdè rẹ̀, ṣùgbọ́n nínú wákàtí 680,000 tí wọ́n fi kọ́ ọ, Gẹ̀ẹ́sì ló pọ̀ jù, àṣìṣe rẹ̀ ní Yorùbá sì pọ̀. Àkójọ ohùn Yorùbá tó dára tí Google gbé síta fún gbogbo ayé ní 2020 lé díẹ̀ ní wákàtí mẹ́rin, láti ẹnu èèyàn 36. Ohùn Yorùbá wà nínú MMS, ẹ̀rọ tó ń sọ ọ̀rọ̀ kíkọ di ohùn ní ọ̀pọ̀ èdè tí Meta gbé jáde ní 2023, àmọ́ kíka Májẹ̀mú Tuntun ni wọ́n fi kọ́ MMS jù, ó sì ń dún bẹ́ẹ̀. Bí ọ̀rọ̀ tẹ́ ẹ bá fún un kò bá ní àmì ohùn, ó di ohun tí ẹ̀rọ bá rò.

Ohun tó ń dùn mí jù nínú rẹ̀ kò tilẹ̀ kan ìyára. AI lè fi ìdánilójú sọ ohun tí kò rí bẹ́ẹ̀ nípa ẹlú, nípa eérú, nípa iye ìgbà tí aṣọ ń wọ aró. Láti ẹnu ìyá àgbà l'Abẹ́òkúta ni ọmọ ilé-ìwé á ti gbọ́ ọ, á sì gbà á gbọ́. Iṣẹ́ ọwọ́ táwọn ìyá yìí gbà lọ́wọ́ ìyá wọn, mi ò fẹ́ kí ẹ fi sẹ́nu ohun tó ń méfò.

Ohun tí màá ṣe dípò rẹ̀ rọrùn. Ẹ jẹ́ kí máíkì headset mọ̀ pé àlejò sọ̀rọ̀, láìbìkítà ohun tó sọ. Ìyá á yíjú sí i, "Hẹ̀n?", á sì sọ ohun tó bá nǹkan tí àlejò ń wò tàbí tó dì mú mu. Ẹni tó dúró síwájú ìkòkò tó sì béèrè nǹkan, ìkòkò ló sábà máa ń béèrè. Ó yà mí lẹ́nu bó ṣe ń ṣe déédéé tó. Kò nílò íntánẹ́ẹ̀tì, nítorí náà bí nẹ́tíwọ́ọ̀kì bá lọ níbi tẹ́ ẹ ti ń fi í hàn, ìyá ò ní ya odi. Bó bá yá, ẹ lè wá kọ́ ẹ̀rọ ní ọ̀rọ̀ díẹ̀ tó máa dá mọ̀: ẹ kú iṣẹ́, bẹ́ẹ̀ ni, rárá, kí nìyí, ẹ tún un sọ.

Ẹ sì kọ àdéhùn pẹ̀lú òṣèré yín kí ọ̀rọ̀ ẹ̀dà ohùn tó délẹ̀. Ọ̀rọ̀ AI tó ń ṣe ẹ̀dà ohùn àti ìrísí òṣèré wà lára ohun tó mú kí àwọn òṣèré géèmù ní Amẹ́ríkà, lábẹ́ ẹgbẹ́ SAG-AFTRA, daṣẹ́ sílẹ̀ ní oṣù keje 2024, ó sì tó 2025 kí wọ́n tó fọwọ́ sí àdéhùn tuntun. Ẹ kọ ọ́ ní Yorùbá tó yé e: ohùn rẹ wà fún iṣẹ́ yìí nìkan, a ò ní fi kọ́ ẹ̀rọ kankan láìgba àṣẹ rẹ àti láìsanwó fún ọ.

Kí ẹ tó kọ kóòdù kan ṣoṣo, ẹ ṣe ìdánwò yìí lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀. Ẹ fi fóònù gba nǹkan bí 40 ohùn, ẹnikẹ́ni nínú yín lè sọ ọ́. Ẹ fi ọ̀kọ̀ọ̀kan sórí bọ́tìnnì kọ̀ǹpútà. Ẹ jẹ́ kí àlejò wọ headset, kí ohun tó ń rí máa hàn lórí kọ̀ǹpútà náà, kí ẹnì kan nínú yín sì máa tẹ èsì ìyá fúnra rẹ̀. Ẹ pe ọmọdé, ẹ pe àgbà, ẹ pe ẹni tí kò wọ headset rí. Ẹ bẹ ìyá kan tó ń ṣe iṣẹ́ aró gan-an kó jókòó ti ẹni tó ń tẹ bọ́tìnnì, ẹ sì sanwó ọjọ́ rẹ̀ fún un. Nígbàkígbà tó bá la ẹnu sí ohun tí àlejò ń ṣe, ẹ kọ ohun tó sọ sílẹ̀, kí ẹ sì kọ ohun tó rí tó fi sọ ọ́ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Bí àkọsílẹ̀ yẹn bá ti délẹ̀, fi ránṣẹ́ sí mi, màá bá ọ tò ó sínú tábìlì.